Charles Lucas, ọ̀gá Néfì tó gbé àdó olóró jù sókun: àwọn ìbéèrè tó máa ń jẹyọ jù

Ní Ìbàdàn, orúkọ Lucas máa ń jáde níbi ìdíje ìtàn àwọn ọmọ ilé-ìwé, nítorí pé iṣẹ́ akin rẹ̀ ló kọ́kọ́ ṣẹlẹ̀ nínú gbogbo èyí tí wọ́n tìtorí rẹ̀ fúnni ní Victoria Cross (VC), àmì-ẹ̀yẹ ìgboyà tó ga jù lọ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ó tún máa ń jáde lẹ́nu àwọn tó bá mẹ́dáàlì nínú àpótí bàbá àgbà wọn tí wọ́n fẹ́ mọ ohun tó jẹ́. Àwọn ìbéèrè tí wọ́n ń bi wá ṣáá nìyí.

Ta ni Charles Lucas?

Ọmọ ilẹ̀ Ireland ni. Ọjọ́ 19 oṣù kejì ọdún 1834 ni wọ́n bí i, ní agbègbè Armagh. Ó wọ Néfì ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1848, kò tíì ju ọmọ ọdún 13 tàbí 14 lọ. Ẹ má jẹ́ kí ó yà yín lẹ́nu: bí wọ́n ṣe ń kọ́ ọ̀gá Néfì nígbà náà nìyẹn, láti kékeré, nínú ọkọ̀, bí ọmọ ìkọ́ṣẹ́ ṣe ń dàgbà sọ́wọ́ ọ̀gá rẹ̀.

Ó ti rí ogun ní ilẹ̀ Burma kí ó tó di pé wọ́n gbé e lọ sí òkun Baltic ní 1854, nígbà tí Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé ń bá Rọ́ṣíà jà.

Kí ló ṣe gan-an?

Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹfà ọdún 1854, ọkọ̀ ogun mẹ́ta, Hecla, Odin àti Valorous, ń yin àgbá lu odi Bomarsund ní erékùṣù Åland. Finland ló ni erékùṣù yẹn lónìí, ṣùgbọ́n ọwọ́ Rọ́ṣíà ló wà nígbà náà. Inú Hecla ni Lucas wà, ọmọ ogún ọdún.

Àdó olóró kan fò wá láti odi, ó bọ́ sórí dẹ́ẹ̀kì Hecla láìbú, fíúùsì rẹ̀ ṣì ń jó, ó ń dún ṣìì. Wọ́n pariwo pé kí gbogbo ènìyàn dojú bolẹ̀. Lucas kò dojú bolẹ̀. Ó sáré lọ bá a, ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé e, ó sì jù ú sí òkun. Kó tó kan omi ló bú. Ènìyàn kan kò kú nínú ọkọ̀ náà.

Kí ló dé tí àdó olóró náà kò bú lójú ẹsẹ̀?

Ibi tí àwọn ènìyàn máa ń ṣiyèméjì sí jù nìyí, nítorí àdó olóró òde òní ni wọ́n ní lọ́kàn. Ti ìgbà yẹn yàtọ̀. Irin roboto tí inú rẹ̀ ṣófo ni, wọ́n á rọ ẹ̀tù kún inú rẹ̀, wọ́n á wá ki èdìdì kan bọ ojú ihò rẹ̀. Inú èdìdì yẹn ni wọ́n ki ẹ̀tù mìíràn sí, èyí tí wọ́n pò kí ó lè máa jó díẹ̀díẹ̀. Òun ni fíúùsì. Bí wọ́n bá yin àgbá, iná àgbá fúnra rẹ̀ ló ń tan fíúùsì náà bí àdó ṣe ń jáde.

Ẹni tó ń yin àgbá ló máa ṣírò iye ìṣẹ́jú àáyá tí àdó máa fi rìn, á sì gé fíúùsì kí ó bá ìrìn yẹn mu. Bí ó bá gùn jù, àdó á balẹ̀, á máa jó, á máa dúró. Bí ó bá kúrú jù, á bú lójú ọ̀run. Ti Bomarsund gùn jù díẹ̀. Ààyè ìṣẹ́jú àáyá bíi mélòó kan tó ṣẹ́kù yẹn ni Lucas lò, kò sì sí bí ó ṣe lè mọ iye tó kù. Ohun tó sọ ọ́ di ìgboyà nìyẹn.

Wọ́n ní "Mate" ni nígbà náà. Kí ni Mate?

Mate ni ọmọ ogun ojú omi tó ti yege nínú ìdánwò ọ̀gá ṣùgbọ́n tí ipò kò tíì ṣí sílẹ̀ fún. Ó ga ju Midshipman lọ, kò sì tíì dé Lieutenant. Ní 1861 ni Néfì Gẹ̀ẹ́sì yí orúkọ ipò náà padà sí Sub-Lieutenant, òun náà sì ni Néfì Nàìjíríà ń lò títí dòní.

Ṣé Captain ti Néfì àti Captain ti ṣọ́jà jẹ́ ọgbọọgba?

Rárá o. Àṣìṣe yìí ló wọ́pọ̀ jù, pàápàá nílùú bíi Ìbàdàn tó jẹ́ pé ṣọ́jà la ń rí lójoojúmọ́ ní Mọ́kọ́lá àti Odógbo, tí a kì í fi bẹ́ẹ̀ rí Néfì. Captain ti Néfì àti Colonel ti ṣọ́jà ló jọ dọ́gba. Ẹni tó dọ́gba pẹ̀lú Captain ti ṣọ́jà ni Lieutenant ti Néfì.

Bí ẹ bá fẹ́ tò ó: Sub-Lieutenant, Lieutenant, Lieutenant Commander (ó bá Major dọ́gba), Commander, Captain, Commodore, Rear Admiral, Vice Admiral, Admiral. Nítorí náà, bí ẹnì kan bá sọ pé bàbá òun fẹ̀yìn tì ní Captain nínú Néfì, ẹ má ṣe kà á sí ipò kékeré.

Kí ni wọ́n fún un lójú ẹsẹ̀?

Ipò. Ọ̀gákọ̀ Hecla, William Hutcheon Hall, kọ̀wé ròyìn rẹ̀ fún Admiral Charles Napier tó jẹ́ olórí gbogbo ọkọ̀ ogun tó wà níbẹ̀, wọ́n sì sọ Lucas di Lieutenant. Ẹgbẹ́ kan tó ń bọlá fún àwọn tó dóòlà ẹ̀mí, Royal Humane Society, náà fún un ní mẹ́dáàlì.

Ẹ kíyè sí i pé kò sí Victoria Cross nígbà yẹn rárá. Ìwé ọ̀gákọ̀ yẹn ló wà nílẹ̀ títí wọ́n fi dá a sílẹ̀. Ká ní Hall kò kọ ohunkóhun ni, a kì bá tí gbọ́ orúkọ Lucas lónìí.

Kí wá ni Victoria Cross?

Àmì-ẹ̀yẹ tó ga jù lọ tí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń fún ẹni tó hùwà akin níwájú ọ̀tá. Ọbabìnrin Victoria dá a sílẹ̀ ní ọjọ́ 29 oṣù kìíní ọdún 1856, wọ́n sì jẹ́ kí ó kan àwọn iṣẹ́ akin tó ti ṣẹlẹ̀ nínú ogun tí wọ́n ń bá Rọ́ṣíà jà láti 1854. Ohun tó mú kí ó yàtọ̀ ni pé kò wo ipò: ọ̀gá àti ọmọ abẹ́ lè gba irú kan náà.

Idẹ ni wọ́n fi ṣe é, kì í ṣe wúrà. Àgbélébùú ni, fífẹ̀ rẹ̀ kò pé sẹ̀ǹtímítà mẹ́rin, wọ́n kọ "For Valour" sí i níwájú. Lẹ́yìn rẹ̀ ni wọ́n ń fín ọjọ́ tí iṣẹ́ akin náà ṣẹlẹ̀ sí. Orúkọ ẹni tó gbà á wà lẹ́yìn ọ̀pá kékeré tó so ó mọ́ ríbọ́ọ̀nù. Ríbọ́ọ̀nù Néfì jẹ́ aláwọ̀ búlúù títí di 1918, ti ṣọ́jà sì jẹ́ pupa. Láti ìgbà náà ni gbogbo wọn ti di pupa. Bí ẹ bá rí àwòrán VC aláwọ̀ búlúù, ti ọmọ ogun ojú omi àtijọ́ ni.

Ta ló kọ́kọ́ gba VC, Lucas tàbí Raby?

Níbi ìdíje, ìbéèrè yìí ti dá ìjà sílẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà, bẹ́ẹ̀ òótọ́ ló wà lẹ́nu ìhà méjèèjì. Iṣẹ́ Lucas ló kọ́kọ́ ṣẹlẹ̀ nínú gbogbo èyí tí wọ́n tìtorí rẹ̀ fúnni ní VC. Ṣùgbọ́n àyà Commander Henry Raby ni Ọbabìnrin kọ́kọ́ fi VC sí, ní Hyde Park ní Lọ́ńdọ̀nù, ọjọ́ 26 oṣù kẹfà ọdún 1857. Àwọn 62 ló gbà á lọ́jọ́ náà, Lucas sì wà nínú wọn. Orí ẹṣin ni Ọbabìnrin wà tó fi so wọ́n mọ́ wọn láyà.

Ọmọ Néfì ni Raby náà. Néfì ni wọ́n kà sí àgbà láàárín àwọn ológun Gẹ̀ẹ́sì, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi kọ́kọ́ pè wọ́n. Iṣẹ́ tirẹ̀ ṣẹlẹ̀ lórí ilẹ̀, ní Sevastopol, nínú ogun Rọ́ṣíà kan náà, ní 1855: òun àti àwọn méjì mìíràn jáde sábẹ́ ọta ìbọn lọ gbé ṣọ́jà tó gbọgbẹ́. Ẹni tó bá ń ṣètò ìdíje kí ó yáa bèèrè báyìí: "Iṣẹ́ akin ta ló kọ́kọ́ ṣẹlẹ̀?" tàbí "Ta ni wọ́n kọ́kọ́ fi VC sí láyà?" Bí a bá là á báyìí, kò sí ìjà mọ́.

Ṣé owó wà nídìí rẹ̀?

Wọ́n ń san pọ́n-ùn 10 lọ́dún nígbà tó bẹ̀rẹ̀, fún àwọn tí kì í ṣe ọ̀gá nìkan. Lucas tó jẹ́ ọ̀gá kò ní ìpín níbẹ̀. Láti 2015, pọ́n-ùn 10,000 lọ́dún ni ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ń san fún ẹni tó ní in tó ṣì wà láàyè, wọn kì í sì í yọ owó orí níbẹ̀.

Báwo ni ìyókù ayé rẹ̀ ṣe lọ?

Ọgọ́ta ọdún ló lò sí i lẹ́yìn ọjọ́ Bomarsund. Ó di Commander ní 1862, ó di Captain ní 1867, ó fẹ̀yìn tì ní 1873. Ní 1885 ni wọ́n fi ipò Rear Admiral dá a lọ́lá bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ti fẹ̀yìn tì. Ní 1879 ó fẹ́ Frances Hall, ọmọ ọ̀gákọ̀ Hecla tó kọ̀wé nípa rẹ̀ lọ́jọ́sí, wọ́n sì bí ọmọbìnrin mẹ́ta.

Ó kú ní agbègbè Kent ní ọjọ́ 7 oṣù kẹjọ ọdún 1914, ọjọ́ mẹ́ta péré lẹ́yìn tí Gẹ̀ẹ́sì wọ Ogun Àgbáyé Kìíní. Mereworth ni wọ́n sin ín sí.

Níbo ni VC rẹ̀ wà báyìí?

Èyí tí Ọbabìnrin fún un ti sọnù. Inú ọkọ̀ ojú irin ló gbàgbé àwọn mẹ́dáàlì rẹ̀ sí, a kò sì rí wọn mọ́ títí dòní. Wọ́n ṣe òmíràn fún un, òun ló wà ní National Maritime Museum ní Greenwich. Ẹ̀yìn rẹ̀ mọ́ borogidi, kò sí ọjọ́, kò sí orúkọ.

Ó ń dùn wá bí a bá rántí ẹ̀yìn mẹ́dáàlì tó ṣófo yẹn. Ẹni tí iṣẹ́ akin rẹ̀ ṣíwájú ti gbogbo wọn, mẹ́dáàlì tó kù kò lè sọ tirẹ̀ fún yín. Ìwé ló ń sọ ọ́.

Ṣé aláwọ̀ dúdú kan gbà á nínú Néfì?

Bẹ́ẹ̀ ni. William Hall ni, ọmọ Nova Scotia ní Kánádà. Àwọn òbí rẹ̀ sá kúrò lóko ẹrú ní Amẹ́ríkà. Ní ọjọ́ 16 oṣù kọkànlá ọdún 1857, ní Lucknow ní ilẹ̀ Íńdíà, àwọn ọmọ ọkọ̀ Shannon wọ́ àgbá ọkọ̀ gba orí ilẹ̀ lọ fọ́ ògiri odi kan. Ọta pa àwọn tó wà nídìí àgbá náà, ó kù Hall àti Lieutenant Thomas Young. Wọ́n ń ki àgbá, wọ́n ń yìn ín, títí ògiri fi lu. Àwọn méjèèjì ló gba VC.

Ìyẹn náà ló dá àwọn tó ń béèrè bí ọmọ Néfì ṣe ń jà lórí ilẹ̀ lóhùn. Wọ́n máa ń tú àgbá kúrò nínú ọkọ̀, wọ́n á gbé e sórí kẹ̀kẹ́, wọ́n á sì fà á.

Ṣé ọmọ Néfì ni Fájuyì?

Ṣọ́jà ni. Àwọn ènìyàn máa ń da ọ̀rọ̀ rẹ̀ pọ̀ mọ́ èyí nítorí pé òun náà gba àmì-ẹ̀yẹ ìgboyà. Military Cross ni tirẹ̀, fún ohun tó ṣe ní Kóńgò nígbà tí àwọn ọmọ ogun Nàìjíríà lọ ṣiṣẹ́ àlàáfíà fún Àjọ Àgbáyé. Wọ́n pa á pẹ̀lú Aguiyi-Ironsi ní ọjọ́ 29 oṣù keje ọdún 1966, ní Lálúpọn, nítòsí Ìbàdàn níbí. Orúkọ rẹ̀ ló wà lára bárékè Odógbo.

Néfì yìí kan náà ló yin àgbá lu Èkó. Kí ló dé tí ẹ fi ń yin ọmọ inú rẹ̀?

Ìbéèrè tó tọ́ ni, a kò sì ní yẹ̀ ẹ́ sílẹ̀. Ní ìparí oṣù kejìlá ọdún 1851, ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì lu Èkó títí wọ́n fi lé Kòsọ́kọ́ kúrò lórí oyè, wọ́n sì dá Akítóyè padà. Àwọn ará Èkó pe ìjà náà ní Ogun Àgìdìngbì, nítorí bí àgbá ṣe ń dún. Ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà, ní 1861, wọ́n gba ìlú náà pátápátá. Irú àdó tó bọ́ sórí dẹ́ẹ̀kì Lucas ni irú èyí tó ń bọ́ sórí òrùlé àwọn ènìyàn wa, kò sì sí ẹni tó máa gbé tiwọn jù sí ọ̀sà.

Ojú tí a fi ń wo Lucas ni pé lọ́jọ́ yẹn, kò pa ẹnì kankan. Ó gba àwọn tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ lọ́wọ́ ikú ni. A lè bọ̀wọ̀ fún ìyẹn láìjẹ́ pé a gbàgbé Èkó. Olùkọ́ tó bá ń kọ́ ọmọ ní ọ̀kan kí ó kọ́ wọn ní èkejì pẹ̀lú.

A bá mẹ́dáàlì nínú àpótí bàbá àgbà wa. Báwo la ṣe máa mọ èyí tó jẹ́?

Ẹ wo ohun mẹ́ta: bí ó ṣe rí, ríbọ́ọ̀nù rẹ̀, àti etí rẹ̀ yíká. Ọ̀kan nínú àwọn tó wọ́pọ̀ nílùú yìí ni Burma Star, ìràwọ̀ onígun mẹ́fà tó ní àwọ̀ idẹ. Gbogbo ẹni tó jà ní Burma nínú Ogun Àgbáyé Kejì ló gbà á. Ibẹ̀ náà ni orúkọ bárékè Letmauck ní Mọ́kọ́lá ti wá. Àmì pé ó lọ sógun ni, kì í ṣe àmì-ẹ̀yẹ ìgboyà. Ìyẹn kò bu bàbá kù o. Ẹni tó lọ sí Burma tó bọ̀ ti ṣe gudugudu méje.

Ti ìgboyà fún ọmọ abẹ́ nínú ṣọ́jà ni Military Medal: fàdákà ni, orí ọba wà níwájú rẹ̀, nọ́ńbà àti orúkọ ẹni tó ni ín sì wà ní etí rẹ̀ yíká. Ẹ tún wo ríbọ́ọ̀nù War Medal 1939–45. Bí ewé idẹ kékeré kan bá wà lórí rẹ̀, ó túmọ̀ sí pé olórí ogun dárúkọ bàbá nínú ìròyìn rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ìdílé ló ti sọ ewé yẹn nù torí wọ́n rò pé pín-ìnnì lásán ni.

Kí ló dé tí kò sí orúkọ lára rẹ̀? Ṣé ayédèrú ni?

Kì í ṣe ayédèrú. Ìràwọ̀ Ogun Àgbáyé Kejì tí Gẹ̀ẹ́sì pín kò ní orúkọ rárá. Ti Ogun Àgbáyé Kìíní ló ní.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbé e lọ bá alágbẹ̀dẹ kí ó fín orúkọ bàbá sí i. Ẹni tó mọ̀ ọ́n á rí i lẹ́ẹ̀kan náà pé ẹ̀yìn ọjọ́ ni wọ́n fín in, á sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣiyèméjì sí gbogbo rẹ̀. Ẹ kọ orúkọ sórí ìwé, kí ẹ fi pa mọ́ pẹ̀lú rẹ̀.

Báwo la ṣe máa tọ́jú rẹ̀?

Ẹ má fi Brasso nù ún, ẹ má fi eérú tàbí ọsàn wẹ́wẹ́ fọ̀ ọ́. Ìgbàkígbà tí ẹ bá mú un dán, ẹ ń ha irin díẹ̀ kúrò. Ohun tó máa kọ́kọ́ parẹ́ ni orúkọ etí rẹ̀, òun gan-an sì ni ẹ̀rí yín. Aṣọ rírọ̀ tó gbẹ ti tó.

Ẹ yọ ọ́ kúrò nínú ọ̀rá àti nínú báàgì oníke tó ń lẹ̀ mọ́ ọwọ́. Nígbà òjò, ọ̀rínrin á há síbẹ̀, idẹ á sì bẹ̀rẹ̀ sí í ní ìpẹtà aláwọ̀ ewé. Ẹ fi aṣọ òwú funfun tí a ti fọ̀ láìfi sítáàṣì sí i wé e, ẹ fi sínú páálí, kí ẹ gbé e sókè kúrò nílẹ̀. Ẹ má fi káńfọ̀ sínú rẹ̀. Ríbọ́ọ̀nù kò fẹ́ oòrùn: bí ẹ bá gbé e kọ́ ògiri tó kọjú sí fèrèsé, àwọ̀ rẹ̀ á ṣí. Bí ríbọ́ọ̀nù bá ti gbó, ẹ ra tuntun, ṣùgbọ́n ẹ má ju ti àtijọ́ nù.

Kí ẹ tó ṣe ohunkóhun, ẹ ya fọ́tò iwájú, ẹ̀yìn, àti gbogbo etí rẹ̀. Bí olè bá gbé e, tàbí bí ẹ bá gbàgbé rẹ̀ sínú ọkọ̀ bíi Lucas, fọ́tò yẹn ló máa ṣẹ́kù.

Níbo la ti lè rí ìwé nípa rẹ̀?

Ní Ìbàdàn, ilé ìpamọ́ ìwé ìjọba àpapọ̀ wà nínú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn. Ẹ mú káàdì ìdánimọ̀ àti pẹ́ńsù lọ. Wọn kì í fẹ́ bírò nítòsí ìwé àtijọ́. Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti inú ìwé atọ́ka fún àwọn àkójọ fáìlì ìjọba amúnisìn tí wọ́n pè ní Oyo Prof àti CSO 26, kí ẹ wá ọ̀rọ̀ nípa àwọn ológun tó padà dé lẹ́yìn 1945.

Lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹ lè wá orúkọ nínú London Gazette, ìwé ìkéde ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, lọ́fẹ̀ẹ́. Gbogbo àmì-ẹ̀yẹ ìgboyà ni wọ́n ń tẹ̀ síbẹ̀. Ní ilé ìpamọ́ ìwé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní Kew, WO 373 ni ti ìgboyà àwọn ṣọ́jà nínú Ogun Àgbáyé Kejì, ADM 196 ni ìwé iṣẹ́ àwọn ọ̀gá Néfì.

Ohun tó máa ń jẹ́ kí wọ́n wá a tì ni orúkọ. Àwọn tó ń gba ènìyàn sí iṣẹ́ ṣọ́jà máa ń fi orúkọ ìlú ṣe orúkọ ìdílé, nítorí náà Àkànní ọmọ agboolé yín lè wà nínú ìwé bí "Akani Ibadan". Ẹ wá a pẹ̀lú orúkọ ìlú, pẹ̀lú orúkọ oríkì, pẹ̀lú sípẹ́lì oríṣiríṣi. Bí ẹ bá rí nọ́ńbà tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú NA, ẹ di í mú. Nọ́ńbà ṣọ́jà Nàìjíríà ni, kò sì ń yí padà bí orúkọ ṣe ń yí.

Àwọn ọmọ Néfì kan kú níbi iṣẹ́ akin, síbẹ̀ wọn kò rí VC gbà. Kí ló fà á?

VC fẹ́ kí ọ̀tá wà níwájú. Ẹ wo ọjọ́ 30 oṣù kẹwàá ọdún 1942. Ọkọ̀ ogun Petard àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fìyà jẹ ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì kan, U-559, ní òkun Mẹditaréníà, títí ó fi léfòó tí àwọn ará inú rẹ̀ sì sá jáde. Lieutenant Anthony Fasson àti Colin Grazier wọ inú rẹ̀ bó ti ń rì, wọ́n ń gbé ìwé àṣírí jáde. Tommy Brown, ọmọ ọdún 16 tó ń ta nǹkan jíjẹ nínú ọkọ̀ wọn, ń gbà á lọ́wọ́ wọn lórí àtẹ̀gùn. Lójijì ló rì. Brown bọ́, àwọn méjì tó wà nísàlẹ̀ kò bọ́. Àwọn ìwé yẹn ran Gẹ̀ẹ́sì lọ́wọ́ láti tún máa ka ọ̀rọ̀ àṣírí tí àwọn ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì ń fi ránṣẹ́.

Wọ́n gbà pé kò sí ọ̀tá tó ń bá wọn jà ní wákàtí yẹn, omi ni wọ́n ń bá jà. George Cross ni wọ́n fún Fasson àti Grazier, Brown sì gba George Medal. George Cross bá VC dọ́gba ní iyì, ohun tó yàtọ̀ ni ibi tí ewu ti wá.